John Bunyan, Oníwàásù tí ó fi Ìtàn Sọ Ìhìnrere

Àwọn kan láàrín wa a máa wí pé ìtàn kò yẹ orí àga ìwàásù, pé àwọn ọmọdé ni a ń pa àlọ́ fún nígbà tí òṣùpá bá yọ. Nítorí náà ni a ṣe fẹ́ sọ díẹ̀ fún yín nípa ọkùnrin kan tí púpọ̀ nínú wa mọ ìwé rẹ̀ ju bí a ti mọ òun tìkára rẹ̀ lọ. John Bunyan ni orúkọ rẹ̀. Òun ni ó kọ ìwé tí a ń pè ní Ìlọsíwájú Èrò Mímọ́.

Ní abúlé Elstow, lẹ́bàá ìlú Bedford ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ni a bí i ní 1628. Bàbá rẹ̀ kì í ṣe ọlọ́rọ̀. Títún ìkòkò àti abọ́ onírin tí ó ti lu ṣe ni iṣẹ́ bàbá náà, iṣẹ́ yìí kan náà ni ọmọ sì kọ́. Ó lọ sí ilé-ẹ̀kọ́ díẹ̀, ó mọ ìwé kà ó sì mọ̀ ọ́n kọ, ṣùgbọ́n kò dé yunifásítì kankan. Ní 1644, nígbà tí ó jẹ́ ọmọ ọdún 15, ìyá rẹ̀ kú. Kò pé oṣù méjì lẹ́yìn náà tí àbúrò rẹ̀ obìnrin náà fi kú. Ní ọdún yẹn gan-an ni ó wọ iṣẹ́ ológun, nítorí pé ogun wà láàrín ọba àti Ìgbìmọ̀ Aṣòfin.

Nígbà tí ó ti ogun dé, ó gbé ìyàwó. Òtòṣì ni àwọn méjèèjì. Ẹni tí ń tún abọ́ àwọn ẹlòmíràn ṣe kò ní abọ́ tàbí ṣíbí tirẹ̀ nílé. Ìwé ẹ̀sìn méjì tí bàbá ìyàwó fi sílẹ̀ nígbà tí ó kú ni gbogbo ohun tí ìyàwó náà kó wá.

Ní ọjọ́ kan tí Bunyan wà lẹ́nu iṣẹ́ ní Bedford, ó gbọ́ tí àwọn obìnrin tálákà bíi mẹ́ta tàbí mẹ́rin jókòó sí ẹnu ọ̀nà nínú oòrùn, tí wọ́n ń sọ̀rọ̀. Wọn kò wàásù fún ẹnikẹ́ni. Ohun tí Ọlọ́run ṣe nínú ayé wọn ni wọ́n ń rò fún ara wọn. Ọ̀rọ̀ yìí wọ̀ ọ́ lára, ó sì bá a lọ. Nígbẹ̀yìn ó darapọ̀ mọ́ ìjọ wọn, tí John Gifford jẹ́ olùṣọ́-àgùntàn rẹ̀, nígbà tí ó sì di nǹkan bí 1655 òun náà bẹ̀rẹ̀ sí í wàásù. Ẹ jẹ́ kí a fi í sọ́kàn pé ìtàn tí àwọn tálákà ń sọ lẹ́nu ọ̀nà wà lára ohun tí Ọlọ́run fi pè é.

Àwọn ènìyàn ń rọ́ wá gbọ́ ọ ní abúlé gbogbo. Ṣùgbọ́n nígbà tí Ọba Charles Kejì dé orí oyè ní 1660, ìjọba kò fẹ́ kí irú àwọn bẹ́ẹ̀ máa wàásù mọ́. Ní ọjọ́ 12 oṣù kọkànlá ọdún náà, Bunyan fẹ́ wàásù ní abúlé kan. Wọ́n ta á lólobó pé wọ́n ń bọ̀ wá mú un. Ó kọ̀, kò sá, nítorí ó rò pé bí òun bá sá, ẹ̀rù yóò ba àwọn onígbàgbọ́ tuntun. Ni wọ́n bá mú un.

Ìyàwó rẹ̀ àkọ́kọ́ ti kú nígbà náà, ó fi ọmọ mẹ́rin sílẹ̀, ọ̀kan nínú wọn, Mary, sì jẹ́ afọ́jú. Elizabeth, ìyàwó kejì, wà nínú oyún. Ìdààmú yìí mú kí oyún náà bàjẹ́. Síbẹ̀ obìnrin akọni yìí lọ síwájú àwọn adájọ́ ní 1661, ó bẹ̀bẹ̀ fún ọkọ rẹ̀, wọn kò gbọ́. Bí Bunyan bá ṣèlérí pé òun kò ní wàásù mọ́, wọn ìbá dá a sílẹ̀. Kò ṣe ìlérí náà. Ọdún 12 ni ó lò ní ẹ̀wọ̀n Bedford, ó ń ṣe okùn bàtà tà kí ilé rẹ̀ lè jẹun. Òun tìkára rẹ̀ kọ ọ́ sílẹ̀ pé ọ̀rọ̀ ọmọ afọ́jú yẹn ni ó dun òun jù lọ.

Ní 1672 ni wọ́n dá a sílẹ̀, ìjọ Bedford sì ti fi í ṣe olùṣọ́-àgùntàn. A gbà pé nínú ẹ̀wọ̀n ni ó ti bẹ̀rẹ̀ ìwé rẹ̀ ńlá náà. Nígbà tí ó kọ ọ́ tán, ó fi í han àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀, ìjà sì bẹ́ sílẹ̀. Àwọn kan ní kí ó tẹ̀ ẹ́, àwọn mìíràn ní kí ó má ṣe tẹ̀ ẹ́. Ẹ wò ó, àríyànjiyàn tiwa yìí kì í ṣe ti òní. Bunyan dáhùn pé apẹja kì í fi ọgbọ́n kan ṣoṣo mú ẹja, bẹ́ẹ̀ ni ẹni tí ń dọdẹ ẹyẹ. Àti pé àwọn wòlíì àti Olúwa wa pàápàá fi òwe sọ̀rọ̀. Ní 1678 ó tẹ ìwé náà, ó sì fi Hósíà orí 12, ẹsẹ 10, sí ojú ewé àkọ́kọ́.

Kí ni ọgbọ́n rẹ̀? Kò kàn sọ pé ẹ̀ṣẹ̀ wúwo. Ó di ẹrù lé ọkùnrin kan lẹ́yìn, ó sì jẹ́ kí a bá a rìn títí ẹrù náà fi já bọ́ níbi àgbélébùú. Kò ṣàlàyé iyèméjì lọ títí; ó ti àwọn èrò náà mọ́ ilé òmìrán kan, ó wá jẹ́ kí a rí i pé kọ́kọ́rọ́ ìlérí Ọlọ́run ti wà ní àyà ọ̀kan nínú wọn láti ìgbà tí wọ́n ti wọlé. Ẹ̀yin oníṣòwò, ẹ rántí Ọjà Asán, níbi tí a ti ń ta oyè, ilẹ̀, fàdákà àti ọkàn ènìyàn, tí wọ́n sì pa Olóòótọ́ nítorí pé kò bá wọn ná ọjà náà. Ọ̀nà ẹlẹ́rẹ̀, òkè, ọjà àti odò ni Bunyan lò, ohun tí àwọn olùgbọ́ rẹ̀ ń rí lójoojúmọ́. Bẹ́ẹ̀ ni Nátánì ṣe sí Dáfídì: ọba ti dá ẹjọ́ náà tán kí ó tó mọ̀ pé ẹjọ́ òun ni.

Ní 1688, Bunyan lọ sí Reading láti parí ìjà bàbá kan àti ọmọ rẹ̀. Ó ṣe é yọrí. Òjò pa á lórí ẹṣin bí ó ti ń lọ sí Lọ́ńdọ̀nù, ibà mú un, ó sì kú ní ọjọ́ 31 oṣù kẹjọ. Bunhill Fields ni wọ́n sin ín sí.

Ìwé rẹ̀ ti di èdè tí ó ju 200 lọ. Alùfáà David Hinderer, ará Jámánì tí C.M.S. rán, tí ó ń gbé Ìbàdàn láti 1853, ni ó túmọ̀ rẹ̀ sí èdè wa.

Ẹ̀yin tí ń wàásù, àti ẹ̀yin olùkọ́ ilé-ẹ̀kọ́ ọjọ́ ìsinmi, ìtàn kì í ṣe ohun tí a fi ń pa olùgbọ́ lẹ́rìn-ín kí a tó dé ibi ọ̀rọ̀. Bunyan ti ru ẹrù náà kí ó tó sọ ìtàn rẹ̀, ó sì san ọdún 12 lé e. Àwa tí a fi ilé sílẹ̀ wá ṣiṣẹ́ ní ilẹ̀ yìí mọ ohun tí à ń pè ní èrò, a mọ ẹrù, a mọ ọ̀nà jíjìn. Ẹ jẹ́ kí a máa fi ohun tí a mọ̀ wàásù. Kí Olúwa kí ó fi òtítọ́ sí wa lẹ́nu. Àmín.